Orin Hendrix lẹ́nu Kidjo
Ní 1968, Jimi Hendrix gbé «Voodoo Child (Slight Return)» jáde ní Amẹ́ríkà. Gìtá ń ké tantan. Voodoo ibẹ̀ kò ju agbára àràmàǹdà lọ.

Angélique Kidjo, ọmọ Benin, tún un kọ sínú àwo Oremi ní 1998, ọ̀rọ̀ sì yí padà. Ẹni tó bá gbọ́ ọ ní Ikpinlè, ìlú kan ní Benin, kò ní kà á sí àlọ́: ẹ̀sìn aládùúgbò ni vodun, ìjọba pàápàá fún un ní ọjọ́ ìsinmi.

Ní 2018, Kidjo tún àwo Remain in Light ti ẹgbẹ́ olórin Talking Heads kọ látòkèdélẹ̀. Ọ̀dọ̀ Fela làwọn yẹn ti kọ́ púpọ̀ nínú ìlù rẹ̀ ní 1980 (wọn ò sì fi pamọ́). Tony Allen, onílù Fela gan-an, wà lára àwọn tó lu ti Kidjo.