Ṣé Kí N Máa Gẹrun Ọkọ Mi Nílé? Ohun Tó Yẹ Kẹ́ Ẹ Mọ̀ Kí Kílípà Tó Kan Orí

Ìbéèrè tòní kéré lójú, àmọ́ ó mú bí abẹ: ṣé ìyàwó tàbí àfẹ́sọ́nà lè máa gẹrun ọkọ rẹ̀ nílé, kí ọkọ náà yéé lọ sọ́dọ̀ bábà?

Ìdáhùn mi ni pé ó lè ṣe é. Kì í ṣe iṣẹ́ awo. Àmọ́ ọ̀pọ̀ èèyàn ló ń bẹ̀rẹ̀ nítorí owó nìkan, wọn ò sì mọ̀ pé èrè tó tóbi jù nínú ẹ̀ kì í ṣe owó. Tẹ́ ẹ bá máa gbàgbé gbogbo ohun tí mo bá sọ lónìí, ẹ má gbàgbé gbólóhùn yìí: orí kan, kílípà kan. Ẹ jẹ́ ká lọ.

Kí ló gbé ọ̀rọ̀ yìí dé?

Ẹ rántí ọdún 2020. Ní ìparí oṣù Kẹta ọdún yẹn, nígbà tí àrùn Kòrónà wọlé, ìjọba àpapọ̀ ní kí ará Èkó, Ògùn àti Abuja jókòó sílé. Ìpínlẹ̀ Ọ̀ṣun náà kéde kónílé-ó-gbélé tirẹ̀. Àwọn bábà ti ṣọ́ọ̀bù wọn pa, irun ò sì mọ̀ pé àrùn wà níta, ńṣe ló ń hù lọ. Àwọn obìnrin tí wọn ò fọwọ́ kan kílípà rí bẹ̀rẹ̀ sí í wo YouTube, wọ́n sì di bábà ọ̀sán gangan.

Lẹ́yìn ìyẹn ni ti epo bẹntiróòlù dé. Ní ọjọ́ kọkàndínlọ́gbọ̀n oṣù Karùn-ún ọdún 2023, ìjọba kéde pé owó ìrànwọ́ orí epo ti tán. Lítà kan tí kò tó igba náírà kí ọjọ́ yẹn tó dé ti kọjá ẹgbẹ̀rún náírà ní ọ̀pọ̀ ibi kí ọdún 2024 tó parí. Ẹ wá fi Kúta ṣe àpẹẹrẹ, ìlú àwọn ọmọ Òwu ní agbègbè Ìwó. Tí iná ò bá sí, jẹnẹrétọ̀ ni bábà máa tàn kó tó lè gẹ orí ẹyọ kan. Kì í ṣe ìkà ló jẹ́ kó fi owó lé owó, epo ló lé e. Ọkùnrin tó bá sì ń gẹrun ní ọ̀sẹ̀ méjì méjì, ìgbà 26 ló máa jókòó sórí àga bábà lọ́dún. Ẹ fi iye tí bábà ìlú yín ń gbà sọ ọ́ di púpọ̀, ẹ máa rí i pé owó kílípà kan wà níbẹ̀ dáadáa.

Ó dáa. Owó nìyẹn. Ẹ jẹ́ ká wá sí orí fúnra rẹ̀.

Orí kì í ṣe ohun àmúṣeré

Láyé àtijọ́, onígbàjámọ̀ ló máa ń gbé àpò rẹ̀ kiri ilé, púpọ̀ nínú wọn jẹ́ Haúsá, abẹ mímú kan ni wọ́n sì fi ń fá orí àgbà, tí wọ́n tún fi ń fá ti ọmọdé. Irun orí nígbà yẹn máa ń sọ ẹni tí èèyàn jẹ́. Àwọn ìlàrí, ìránṣẹ́ Aláàfin Ọ̀yọ́, máa ń fá apá kan orí wọn, wọ́n á dá apá kejì sí. Ẹni tó bá ti rí orí wọn ti mọ ẹni tó rán wọn. Àwọn ọmọ Òwu ní Kúta náà ní ìtàn tiwọn nípa orí: wọ́n ní ọmọ ọwọ́ ni Olówu àkọ́kọ́ nígbà tó sunkún títí wọ́n fi gbé adé lé e lórí, ìdí nìyẹn tí wọ́n fi ń pè é ní Àsùnkúngbadé.

Kí ni mo ń fà yọ? Ẹni tó bá fọwọ́ kan orí ẹni ti sún mọ́ ẹni gan-an. Àwọn àgbà sì ti sọ ọ́: a kì í fárí lẹ́yìn olórí. Nítorí náà, ẹ bi í kẹ́ ẹ tó tan kílípà. Ṣé gorímápà ló fẹ́ ni, àbí kí irun ṣẹ́ kù díẹ̀? Ṣé kẹ́ ẹ kan irun àgbọ̀n ni, àbí kẹ́ ẹ fi sílẹ̀? Ẹ jẹ́ kó fi àwòrán hàn yín lórí fọ́ọ̀nù, torí pé "ẹ ṣáà gé e kó kéré" tí òun sọ lè yàtọ̀ sí "kéré" tiyín.

Ẹ tún bi í nípa ẹ̀sìn. Hádíìsì wà tó kọ̀ kí Mùsùlùmí fá apá kan orí kó sì dá apá kan sí, ìdí nìyẹn táwọn ààfáà kan kì í fi í fẹ́ràn àwọn irun ìgbàlódé kan. Bákan náà, ọ̀pọ̀ Mùsùlùmí tó fẹ́ pa ẹran Iléyá kì í gẹrun láti ìgbà tí oṣù Súlìhíjà bá ti yọ títí wọ́n á fi pa ẹran náà. Ní agbègbè tí Mùsùlùmí pọ̀ sí bí Ìwó, ó yẹ kẹ́ ẹ ti gẹrun yẹn kí oṣù tó lé.

Ohun tí kílípà máa ń gbé kiri

Ibí yìí gan-an ni mo fẹ́ kẹ́ ẹ dúró sí pẹ̀lú mi.

Àkọ́kọ́ ni làpálàpá orí. Kòkòrò olú tín-ín-tìn-ìn-tín ló ń fà á, ó sì máa ń bá kílípà, kóòmù àti fìlà rìn láti orí kan sí òmíràn. Àwọn ọmọdé ló ń bá jà jù, ṣùgbọ́n àgbàlagbà náà lè kó o. Ẹ gbọ́ èyí dáadáa: ìpara nìkan kì í wo ti orí, torí pé kòkòrò náà wà nísàlẹ̀, níbi gbòǹgbò irun. Oògùn lílò ni dókítà máa ń fún èèyàn, ọ̀pọ̀ ọ̀sẹ̀ ni wọ́n sì fi ń lò ó.

Èkejì ni àrùn mẹ́dọ̀wú tí wọ́n ń pè ní hepatitis B. Inú ẹ̀jẹ̀ ló ń gbé. Tí kílípà bá ha ẹnì kan lára, kódà kó jẹ́ ọgbẹ́ tí ojú ò rí, ẹ̀jẹ̀ lè kù lára irin. Kòkòrò yìí lè wà láàyè lórí nǹkan gbígbẹ fún ọjọ́ méje, ó kéré tán. Ẹni tí wọ́n bá sì gẹrun fún lọ́la, tí kílípà tún ha òun náà, wàhálà ti dé. Àrùn yìí lè ba ẹ̀dọ̀ jẹ́ fún ọdún gbọọrọ láìjẹ́ pé ẹni tó ní i mọ̀. Abẹ́rẹ́ àjẹsára rẹ̀ wà, ẹ̀ẹ̀mẹta ni wọ́n sábà máa ń gún un fún àgbàlagbà. Tẹ́ ẹ ò bá tíì gbà á, ẹ béèrè ní ilé ìwòsàn.

Ẹ̀kẹta ni àwọn kókó kéékèèké tẹ́ ẹ máa ń rí ní ìpàkọ́ àti ní àgbọ̀n àwọn ọkùnrin. Irun wa ká kòrókòró. Tí wọ́n bá gé e mọ́lẹ̀ ju bó ṣe yẹ lọ, ẹnu rẹ̀ tó mú á padà wọnú awọ, awọ á wú, á sì máa yún. Ti ìpàkọ́ lè le títí kó di àpá ńlá tí irun ò ní hù níbẹ̀ mọ́.

Ẹ ní, "Ṣebí bábà máa ń fi sìpírítì pa orí wa." Ó dáa, àmọ́ sìpírítì tí wọ́n pa sórí lẹ́yìn tí wọ́n gẹ ẹ́ tán ò fọ kílípà. Àpótí oníná búlúù tẹ́ ẹ máa ń rí ní ṣọ́ọ̀bù náà ńkọ́? Ibi tí ìmọ́lẹ̀ rẹ̀ bá kàn nìkan ló ń ṣiṣẹ́ sí. Tí irun àti ọ̀rá bá bo irin, kò lè dé abẹ́ wọn. Bábà tó mọṣẹ́ á kọ́kọ́ gbọn irun kúrò lára irin, á nù ún, á fi sìpírítì pa á, á jẹ́ kó gbẹ, kó tó pe ẹlòmíì. Ẹ máa wò ó bóyá ó ń ṣe bẹ́ẹ̀.

Ìdí nìyí tí mo fi sọ pé èrè gígẹrun nílé kọjá owó. Kílípà tí kò gorí ẹlòmíì rí ò lè gbé àrùn ẹlòmíì wá bá ọkọ yín. Ṣùgbọ́n lọ́jọ́ tẹ́ ẹ bá yá aládùúgbò, tẹ́ ẹ yá àbúrò ọkọ, tẹ́ ẹ tún fi gẹ orí ọ̀rẹ́ rẹ̀ nítorí pé ọwọ́ yín ti mọ́ ọn, ẹ ti di ṣọ́ọ̀bù bábà nìyẹn, láìní ìmọ́tótó ṣọ́ọ̀bù. Táwọn ọmọ bá fẹ́ lò ó, ẹ ra irin ẹnu kílípà mìíràn fún wọn. Wọ́n ń tà á lọ́tọ̀.

Ohun tẹ́ ẹ máa rà

Kílípà oníná kì í ṣe nǹkan tuntun. Ọdún 1919 ni Leo Wahl, ará Amẹ́ríkà tó ń gbé ní ìlú Sterling, béèrè fún ìwé àṣẹ lórí tirẹ̀, orúkọ rẹ̀ sì ṣì wà lára kílípà títí dòní. Irin méjì tó ní eyín ni: ọ̀kan dúró sójú kan, èkejì ń sáré lọ sáré bọ̀ lórí rẹ̀, irun sì ń gé láàárín àwọn méjèèjì bíi ti sísọ́ọ̀sì. Ẹ ra èyí tó ń gba iná sára, kó má bàá jẹ́ pé iná á lọ nígbà tẹ́ ẹ bá gẹ orí dé ààbọ̀.

Ẹ tún nílò àwọn kóòmù tí wọ́n ń fi sẹ́nu rẹ̀, òróró kílípà, búrọ́ọ̀ṣì kékeré, aṣọ tẹ́ ẹ máa so mọ́ ọrùn, àti dígí méjì kí olórí lè rí ẹ̀yìn orí rẹ̀. Nọ́ńbà ara kóòmù ló ń sọ iye irun tó máa kù: nọ́ńbà 1 ń fi nǹkan bíi mìlímítà 3 sílẹ̀, nọ́ńbà 2 ń fi 6 sílẹ̀, nọ́ńbà 3 ń fi 10 sílẹ̀, nọ́ńbà 4 ń fi 13 sílẹ̀.

Bẹ́ ẹ ṣe máa gẹ ẹ́

Ẹ fọ irun náà, ẹ jẹ́ kó gbẹ dáadáa, kẹ́ ẹ sì ya á. Irun tútù máa ń di mọ́ kílípà lẹ́nu. Ẹ wo awọ orí yí ká. Tẹ́ ẹ bá rí ọgbẹ́, kókó tó ń ṣọyún tàbí ibi róbótó tí irun ti já, ẹ dá kílípà dúró, ilé ìwòsàn ló kàn.

Ẹ jókòó síbi tí ìmọ́lẹ̀ wà. Nọ́ńbà tó tóbi ni kẹ́ ẹ fi bẹ̀rẹ̀, kódà tó bá jẹ́ pé irun kékeré ló fẹ́. Irun tó ṣẹ́ kù ṣeé gé, èyí tó ti bọ́ sílẹ̀ ò ṣeé lẹ̀ padà. Ẹ kọ́kọ́ tẹ̀lé ọ̀nà tí irun ń gbà hù. Tó bá ṣì pọ̀, ẹ wá lòdì sí i, ó máa wálẹ̀ sí i. Ní àtàrí, irun máa ń yí bí omi tó ń yí po, nítorí náà ẹ máa yí ọwọ́ yín tẹ̀lé e.

Ẹ má tẹ kílípà mọ́ awọ, ẹ jẹ́ kó máa rìn fúnra rẹ̀. Tó bá dé etí, ẹ fi ìka rọra tẹ etí sílẹ̀. Ní ìṣẹ́jú díẹ̀ díẹ̀, ẹ fi irin náà kan ọrùn ọwọ́ yín. Tó bá gbóná, ẹ pa á, ẹ jẹ́ kó tutù, kẹ́ ẹ kán òróró díẹ̀ sí i.

Lẹ́yìn náà ló kan etí irun. Ẹ̀yìn etí ni kẹ́ ẹ ti bẹ̀rẹ̀, kì í ṣe iwájú orí. Ẹ tẹ̀lé ìlà tí Ọlọ́run fà síbẹ̀, ẹ má ṣe lé e sẹ́yìn. Ọ̀pọ̀ ọ̀dọ́kùnrin ló ní iwájú orí gbàǹgbà torí pé ẹnì kan ń wá kí ìlà náà dọ́gba, ó gé ọ̀tún, ó gé òsì, ó tún padà sí ọ̀tún. Ní ìpàkọ́ náà, ẹ má fá a kodoro.

Tẹ́ ẹ bá tán, kó lọ fi ọṣẹ wẹ orí. Ẹ̀yin náà, ẹ yọ kílípà kúrò lára iná, ẹ gbọn irun kúrò, ẹ fi sìpírítì nù irin rẹ̀, ẹ jẹ́ kó gbẹ, ẹ kán òróró méjì mẹ́ta sí i, kẹ́ ẹ tàn án díẹ̀ kó lè wọlé. Ẹ má fi omi tí wọ́n fi ń fọ aṣọ funfun fọ̀ ọ́ o, ó máa dípẹtà.

Ibi tó yẹ kọ́wọ́ mọ

Irun kékeré tó dọ́gba yí ká ni iṣẹ́ ilé. Irun tó ń fẹ́lẹ́ díẹ̀díẹ̀ láti òkè wá sí ìsàlẹ̀, tí wọ́n ń pè ní féèdì, iṣẹ́ tí bábà fi ọ̀pọ̀ oṣù kọ́ lọ́dọ̀ ọ̀gá ni. Tí ìgbéyàwó tàbí ìfọ̀rọ̀wánilẹ́nuwò iṣẹ́ bá wà níwájú, ẹ jẹ́ kó lọ sọ́dọ̀ bábà, kó mú kílípà rẹ̀ dání. Bábà gidi ò ní bínú sí i.

Tó bá ṣèèṣì bàjẹ́ ńkọ́? Ẹ bọ́ sí nọ́ńbà tó kéré sí i, kẹ́ ẹ fi gẹ gbogbo rẹ̀ kó dọ́gba. Tí ìyẹn náà ò bá gbà, gorímápà wà. Ọ̀sẹ̀ díẹ̀, ó ti hù. Ẹ̀yin ọkọ, ẹni tó ń gẹrun yín lọ́fẹ̀ẹ́ ò yẹ lẹ́ni tẹ́ ẹ máa fi ṣe yẹ̀yẹ́ lórí WhatsApp. Ẹ̀yin ìyàwó, tó bá ní ó tó, ẹ dúró. Òun ló ni orí.

Ibi tí ètò tòní máa mọ nìyẹn. Tẹ́ ẹ bá ní ìbéèrè, ẹ fi ohùn yín ránṣẹ́ sí wa. Ẹ fi ètò yìí ránṣẹ́ sí ẹni tó ní kílípà nílé, pàápàá jù lọ ẹni tó máa ń yá gbogbo àdúgbò. Ó dìgbà kan ná o.