Ohun Tí Ọ́fíìsì Owó-Orí Ń Rí Nínú Àkáǹtì Yín, àti Ohun Tí Kò Rí

Fún oníṣòwò, oníPOS, alájọ àti oníṣẹ́ ọwọ́ ní Ọ̀yọ́ àti Ògbómọ̀ṣọ́

Ẹ jọ̀wọ́, ẹ má ṣí áàpù báńkì yín fún ẹnikẹ́ni ní káńtà ọ́fíìsì owó-orí wa. Ẹ má ka BVN yín síta. A ò ní fi ṣe nǹkan kan. Àwọn tó ń gbé fóònù ka iwájú òṣìṣẹ́ pé "ẹ wò ó, kò sí nǹkan níbẹ̀" ti pọ̀ jù, wọ́n sì ń mú kí ìlà falẹ̀. Èyí tó tún wá burú ni ti àwọn tó ti sanwó fún alágbàtà lẹ́nu géètì kí wọ́n tó wọlé, nítorí ó ní òun á bá wọn bo àkáǹtì kí ìjọba má baà rí i.

Kò sẹ́ni tó lè bá yín bo àkáǹtì. Kò sì sí òṣìṣẹ́ owó-orí tó ń ṣí i wò bí ẹni ṣí ìkòkò ọbẹ̀.

Ohun tí báńkì ń fi ránṣẹ́

Òfin owó-orí tuntun tí Ààrẹ Bọ́lá Tinúbú fọwọ́ sí ní ọjọ́ 26 oṣù Kẹfà ọdún 2025 bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní ọjọ́ kìíní oṣù Kìíní ọdún 2026. Oṣù mẹ́ta-mẹ́ta ni báńkì ń kó àkọsílẹ̀ àwọn oníbàárà tí owó ńlá ń gba ọwọ́ wọn kọjá ránṣẹ́ sí ilé-iṣẹ́ owó-orí. Ẹni tí owó tó gba àkáǹtì rẹ̀ kọjá láàárín oṣù kan kò bá tó mílíọ̀nù 25 náírà kò sí nínú àkọsílẹ̀ yẹn. Àwọn tó ń sọ pé ọdún 2026 ni ìjọba ṣẹ̀ṣẹ̀ ń yọjú wo báńkì kò rántí òfin ọdún 2007. Mílíọ̀nù 5 péré ni ti ẹnìkọ̀ọ̀kan nígbà yẹn, mílíọ̀nù 10 ni ti ilé-iṣẹ́. Wọ́n ti gbé e sókè ni, wọn ò rẹ̀ ẹ́ sílẹ̀.

Bí ọ̀rọ̀ ẹnìkan bá nílò àlàyé ju bẹ́ẹ̀ lọ, ìwé ni ilé-iṣẹ́ owó-orí ń kọ sí báńkì lábẹ́ òfin. Kò sí ẹ̀rọ kankan ní ọ́fíìsì tí a fi ń wọ inú áàpù yín. Àkáǹtì orí fóònù náà, irú bíi OPay, PalmPay àti Moniepoint, kò yàtọ̀ sí ti báńkì ńlá lójú òfin yìí. Kíkó owó kúrò nínú ọ̀kan lọ sí èkejì kò fi nǹkan kan pamọ́. Pípín in sí orúkọ àwọn ọmọ ló tún máa ń dá wàhálà sílẹ̀ jù, torí ọmọ tí kò níṣẹ́ lọ́wọ́ ni wọ́n máa bi léèrè ibi tí ó ti rí owó.

Owó tó gba ọwọ́ yín kọjá kì í ṣe èrè yín

Ibí yìí ni àṣìgbọ́ pọ̀ sí, ẹ jẹ́ ká fara balẹ̀ kà á.

Òfin kò gba owó-orí lórí owó tó wọ àkáǹtì. Orí èrè ló ń gbà á. Ẹni tó bá ń bá ẹlòmíì gbé owó kọjá, èyí tó bá kù sí i lọ́wọ́ nìkan ni tirẹ̀.

Ká ní ìyá kan ń ṣe POS ní Owódé, ní Ọ̀yọ́, tí ó ń san mílíọ̀nù kan náírà fún àwọn oníbàárà lóòjọ́, fún ọjọ́ 26 nínú oṣù, tí ó sì ń gba ₦100 lórí ₦5,000. Mílíọ̀nù 26 ló gba àkáǹtì rẹ̀ kọjá lóṣù. Lọ́dún, ó di mílíọ̀nù 312. Orúkọ rẹ̀ lè wọ ìwé tí báńkì ń fi ránṣẹ́, ẹni tó bá sì sọ iye yẹn fún un láìṣàlàyé yóò kó o láyà jẹ.

Ṣùgbọ́n ₦20,000 ló pa lóòjọ́: ₦520,000 lóṣù, ₦6,240,000 lọ́dún. Nínú rẹ̀ ni owó ṣọ́ọ̀bù ti ń jáde, àti owó ọmọ tó ń bá a jókòó tì í, owó tí ilé-iṣẹ́ POS ń yọ, dátà, àti owó ọkọ̀ tó fi ń wá kéèṣì kiri (gbogbo oníPOS ló mọ bí kéèṣì ṣe ń wọ́n tó bí ọdún bá ti sún mọ́lé). Ká ní gbogbo ìnáwó náà jẹ́ ₦3,440,000. Ó ku ₦2,800,000. Bí ó bá ń san ₦300,000 lọ́dún fún ilé tí ó ń gbé, òfin yóò bá a yọ ìdá 20 nínú ọgọ́rùn-ún owó ilé náà, ìyẹn ₦60,000. Ó ku ₦2,740,000. Kò sí owó-orí lórí ₦800,000 àkọ́kọ́. Lórí ₦1,940,000 tó ṣẹ́ kù, náírà 15 ni nínú ọgọ́rùn-ún. Iye tí ìyá náà máa san fún odidi ọdún ni ₦291,000.

Ẹ̀yin náà ẹ rí i pé ìwé ìnáwó ló gba ìyá yìí sílẹ̀. Bí kò bá kọ ₦3,440,000 yẹn sílẹ̀, kò sí ohun tí yóò fi hàn wá.

Bákan náà ni ti alájọ ní Akẹ̀sán. Owó ọjọ́ kan tó ń yọ lọ́wọ́ oníkálukú lóṣù ni èrè rẹ̀, ìyókù jẹ́ owó àwọn tó ń dájọ. Ìwé àjọ tí ó fi bíírò kọ tó wa, kò dìgbà tí ó bá fi kọ̀ǹpútà tẹ̀ ẹ́. Alágbàtà kajú ní Ògbómọ̀ṣọ́, tí oníbàárà Èkó fi mílíọ̀nù mélòó kan ránṣẹ́ sí kí ó fi bá a rajà, kò jẹ gbèsè owó-orí lórí mílíọ̀nù náà. Orí owó ẹ̀yìn rẹ̀ ló wà. Owó tí ọmọ fi ránṣẹ́ sílé láti London ńkọ́? Ẹ̀bùn ni. Kò sí owó-orí lórí ẹ̀.

Ohun tí ẹ ń kọ sí ìdí owó tí ẹ fi ránṣẹ́

Láti Tákíè títí dé Sábó ni àwọn ènìyàn ti ń kọ "ẹ̀bùn" sórí owó tí wọ́n fi ra àpò sìmẹ́ńtì. Táíwò Oyèdélé, tó ṣe alága ìgbìmọ̀ Ààrẹ lórí àtúnṣe owó-orí, ti ṣàlàyé rẹ̀ láìmọye ìgbà pé ọ̀rọ̀ tí ẹ kọ kọ́ ló ń sọ owó di èrè tàbí ẹ̀bùn. Ẹ kọ òtítọ́. Tí ọjọ́ àlàyé bá dé, ẹ̀yin gan-an ni yóò ràn lọ́wọ́.

Ṣé ẹ lè yọ owó nínú àkáǹtì mi?

Rárá, kò rí bí wọ́n ṣe ń sọ ọ́. Ẹ ó kọ́kọ́ rí ìwé tí iye tí ẹ jẹ wà nínú rẹ̀. Ẹ ní ọgbọ̀n ọjọ́ láti fi ìwé sọ pé kò tẹ́ yín lọ́rùn. Ìgbà tí gbèsè bá ti fìdí múlẹ̀ tí ẹni náà kò sì san án ni òfin tó gbà kí a bá báńkì rẹ̀ sọ̀rọ̀. Ní ti ₦50 tí báńkì ń yọ lórí owó tí ẹ bá fi ránṣẹ́ tó tó ₦10,000 sókè, kì í ṣe owó-orí èrè. Láti ọdún 2026, ẹni tó fi owó ránṣẹ́ ló ń san án.

Nọ́ńbà owó-orí: ọ̀fẹ́ ni, ẹ má rà á

NIN yín ni nọ́ńbà owó-orí yín. A tún un sọ: NIN yín ni. Ẹni tó bá gba ₦5,000 lọ́wọ́ yín láti "ṣe" é ti gba owó lórí ohun tó wà lọ́wọ́ yín tẹ́lẹ̀. Bí NIN bá sọnù, ẹ tẹ *346# lórí nọ́ńbà fóònù tí ẹ fi forúkọ sílẹ̀.

Akẹ́kọ̀ọ́ LAUTECH tí òbí ń bọ́ kò nílò láti forúkọ sílẹ̀ fún owó-orí kí ó tó lè lo àkáǹtì rẹ̀. Akẹ́kọ̀ọ́ tó ń ta aṣọ ní Under G, tó ń jèrè níbẹ̀, ti di oníṣòwò.

Kò sí iṣẹ́ owó-orí kan tó nílò PIN, OTP tàbí nọ́ńbà ẹ̀yìn káàdì ATM. Bó jẹ́ òṣìṣẹ́ tó wọ káàdì ìdánimọ̀ sọ́rùn ló béèrè rẹ̀, ẹ má fún un. Ẹ béèrè orúkọ rẹ̀, kí ẹ sì lọ bá ọ̀gá rẹ̀ lójú ẹsẹ̀. Òfin ààbò dátà ti ọdún 2023 dè wá bí ó ṣe de báńkì. Ẹ má sì san owó-orí sí àkáǹtì ẹnikẹ́ni, bó ti wù kó jẹ́ ojúlùmọ̀ yín tó.

Ìgbà tí ẹ máa wá

Ọjọ́ 31 oṣù Kẹta ni gbèdéke láti kéde èrè ọdún tó kọjá. Ẹ má dúró di ọ̀sẹ̀ tó gbẹ̀yìn, torí ìlà máa ń dé ojú títì. Ẹ mú NIN, ìwé ọjà àti ìwé ìnáwó ọdún náà, àti rìsíìtì owó ilé wá. Ẹ lè rán ọmọ iṣẹ́, ṣùgbọ́n kí ó jẹ́ ẹni tó mọ ìwé ọjà náà kà, tó sì lè pè yín lórí fóònù nígbà tí a bá ní ìbéèrè.