Ọlọ́pàá Kọ́ Ni Yóò Dá Ẹjọ́ Ilẹ̀

Ní Íńdíà, ẹni tí àríyànjiyàn ilẹ̀ tàbí ipò bá kàn lè bẹ ilé ẹjọ́ gíga pé kó pàṣẹ kí ọlọ́pàá dáàbò bo òun. Ṣùgbọ́n lọ́dún 2006, nínú ẹjọ́ kan láti Kerala lórí ipò olórí ilé ẹ̀sìn, Ilé Ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ fi ààlà sí i: ẹni tí ilé ẹjọ́ ti fìdí ẹ̀tọ́ rẹ̀ múlẹ̀ ni àṣẹ náà wà fún. Mo rò pé ó tọ́. Ọlọ́pàá tó bá dúró ti ẹnì kan kí ìdájọ́ tó wáyé ti ṣègbè.

Àwọn kan á ní ẹjọ́ máa ń pẹ́, pé alágbára á ti wólé tán kí adájọ́ tó sọ̀rọ̀. Òótọ́ ni. Àmọ́ ilé ẹjọ́ tó ń gbọ́ ẹjọ́ lè kọ́kọ́ pàṣẹ pé kí ẹnikẹ́ni má fọwọ́ kan ilẹ̀ náà. Àṣẹ yẹn ni kí ọlọ́pàá ṣọ́. Ẹni tó bá sì fa àdá yọ ti ṣẹ̀ sófin ìwà ọ̀daràn, ọlọ́pàá kò nílò àṣẹ kankan kó tó mú un. Irú ìlànà yìí wà ní Nàìjíríà náà: Òfin Ọlọ́pàá ti 2020 kọ̀ kí wọ́n mú ẹnikẹ́ni nítorí gbèsè tàbí àdéhùn tó yẹ̀ nìkan, bó tilẹ̀ jẹ́ pé àwọn tó ń fi ọlọ́pàá gba gbèsè ń ṣe bí ẹni tí kò gbọ́.