Ṣé o mọ̀ pé epo ọ̀pẹ ti gbé bọ́ọ̀sì rìn rí?

Ṣé o mọ̀ pé ọkọ̀ ojú títì àkọ́kọ́ tó sáré ju 100 kìlómítà lọ ní wákàtí kan kò mu bẹntiróò rárá? Bátìrì ló gbé e sáré! Ọdún 1899 ni, nítòsí Paris. Camille Jenatzy, ọmọ Bẹ́ljíọ̀mù, ló wà á.

Sún mọ́ mi dáadáa, òmíràn ń bọ̀.

Ẹ́ńjìnnì dísù ńkọ́? Lọ́dún 1900, níbi ìpàtẹ ńlá kan ní Paris, wọ́n tan ẹ́ńjìnnì tí Rudolf Diesel hùmọ̀. Kí ló ń mu? Òróró ẹ̀pà! Òróró tí o fi ń dín dòdò! Ó ṣiṣẹ́ wọ́ọ́rọ́wọ́ débi pé Diesel fúnra rẹ̀ kọ ọ́ sílẹ̀ pé ìwọ̀nba èèyàn díẹ̀ ló fura. Ìjọba Faransé ló ní kí wọ́n dán an wò. Wọ́n mọ̀ pé ẹ̀pà pọ̀ yanturu láwọn ilẹ̀ Áfíríkà tó wà níkàáwọ́ wọn.

O rò pé ó parí? Ó ku epo ọ̀pẹ!

Lọ́dún 1938, bọ́ọ̀sì akérò kan ń ná Brussels sí Louvain ní Bẹ́ljíọ̀mù. Epo ọ̀pẹ láti Kóńgò ni wọ́n fi ṣe ohun tó ń mu. Àwọn èrò wọlé, wọ́n jókòó, ọ̀pẹ ń gbé wọn lọ. Nínú gbogbo ohun tí mo fẹ́ sọ fún ọ, èyí ló dùn mọ́ mi jù.

Bùràsíìlì ní tirẹ̀ di ìrèké mú. Ní 1979, Fiat 147 bẹ̀rẹ̀ sí jáde níbẹ̀, ẹ́tánọ́ọ̀lù ìrèké nìkan ló ń mu. Lónìí, bẹntiróò tí wọ́n ń rà níbẹ̀, ó ju ìdá kan nínú mẹ́rin lọ tó jẹ́ ẹ́tánọ́ọ̀lù.

Ó yá, gbójú sókè wo oòrùn.

Ọmọ ọdún 19 péré ni Edmond Becquerel nígbà tó rí i pé ìmọ́lẹ̀ lè di iná mànàmáná. Ọdún 1839! Wọn ò tíì bí Edison!

Ní 1878, Augustin Mouchot lo ooru oòrùn níbi ìpàtẹ ní Paris. Ó fi ṣe yìnyín. Bẹ́ẹ̀ ni, oòrùn ló ṣe yìnyín!

Ní 1913, Frank Shuman to dígí gbọọrọ gbọọrọ sílẹ̀ ní Maadi, lẹ́bàá Káírò. Oòrùn Íjíbítì ń fa omi odò Náílì lọ sínú oko. Ọdún kejì ni ogun àgbáyé bẹ̀rẹ̀, iṣẹ́ náà sì dáwọ́ dúró. Ó dùn mí o! Rò ó wò, ohun tí ọdún 100 ì bá fi ìyẹn dà.

Sólà bí a ṣe mọ̀ ọ́n lónìí dé ní 1954, láti Bell Labs ní Amẹ́ríkà. Nínú ìmọ́lẹ̀ 100 tó bà lé e, nǹkan bíi 6 péré ló ń sọ di iná. Ohun ìṣeré ọmọdé kan tó ń yí ni wọ́n kọ́kọ́ fi hàn pé ó ṣiṣẹ́.

Ọdún mẹ́rin lẹ́yìn ìyẹn, sólà ti dé òfuurufú! Sátẹ́láìtì Vanguard 1, kílò kan ààbọ̀ péré. Rédíò méjì ló wà lára rẹ̀. Èyí tó ń lo bátìrì kú láàárín oṣù mẹ́ta. Èyí tó ń lo oòrùn ń sọ̀rọ̀ títí di 1964. Sátẹ́láìtì náà ṣì ń yí ayé po lókè lọ́hùn-ún. Nínú gbogbo ohun tí ọmọ aráyé fi sókè, kò sí èyí tó dàgbà tó o níbẹ̀.

Ó ku bàálù! Solar Impulse 2 yí gbogbo ayé ká ní 2015 sí 2016 láìmu ẹ̀kán epo kan. Ìyẹ́ rẹ̀ gùn ju ti Boeing 747 lọ. André Borschberg nìkan wà á láti Jàpáànù dé Hawaii: ọ̀sán márùn-ún, òru márùn-ún. Ní òru! Bátìrì tí oòrùn kún lọ́sàn-án ló gbé e.

Afẹ́fẹ́ náà ní tirẹ̀. Ní 1887, James Blyth fi afẹ́fẹ́ tan iná sílé rẹ̀ ní Marykirk, Scotland. Ó ní kóun tan ti ìgboro fún àwọn ará ìlú. Wọ́n kọ̀. Wọ́n ní iṣẹ́ èṣù ni!

Ní Màláwì, William Kamkwamba kò rówó ilé-ìwé san. Ọmọ ọdún 14. Ó rí àwòrán ẹ̀rọ afẹ́fẹ́ nínú ìwé kan ní láíbìrì, ó ṣa ẹ̀yà kẹ̀kẹ́ àti igi jọ, ó sì kọ́ tirẹ̀. Iná tàn nílé wọn!

Lẹ́bàá adágún Turkana ní Kẹ́ńyà, ẹ̀rọ afẹ́fẹ́ 365 ló wà lórí ìdúró. Ọ̀kan fún ọjọ́ kọ̀ọ̀kan nínú ọdún!

Ká padà sórí ọkọ̀. Norway ń ta epo rọ̀bì fáyé. Síbẹ̀, ní 2024, nínú ọkọ̀ tuntun mẹ́wàá tí wọ́n rà níbẹ̀, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ tó mẹ́sàn-án tó ń lo bátìrì nìkan.

Èédú ńkọ́? Lọ́ńdọ̀nù ṣí ilé-iṣẹ́ iná eléèédú ní Holborn ní 1882. Ní 30 oṣù Kẹsàn-án 2024, ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì pa èyí tó kù kẹ́yìn, Ratcliffe-on-Soar. Ọdún 142!

Wá gbọ́ èyí. Láti 1954, ó di 2022 kí gbogbo sólà ayé tó pé mílíọ̀nù kan mẹ́gáwáàtì. 760 ni ti ìdídò Káńjì. Ṣírò rẹ̀: ó ju Káńjì 1,300 lọ! Ọdún 68 ló gbà.

Mílíọ̀nù kejì ńkọ́? Ọdún méjì péré!