Ẹ̀dà tàbí Ìtẹ̀jáde? Ọ̀rọ̀-Ìperí fún Lílo Kọ̀ǹpútà láti Òkèèrè

Ètò kọ̀ǹpútà kan wà tí ó ń jẹ́ kí akọ̀wé tí ó jókòó sí Ìbàdàn lo kọ̀ǹpútà tí ó wà ní ọ́fíìsì ní Èkó, bí ẹni pé iwájú rẹ̀ gan-an ni ó wà. Olùtúmọ̀ tí ó bá ń tọ ojú ọ̀rọ̀ Gẹ̀ẹ́sì lẹ́yìn lè pè é ní "tábìlì òkèèrè". Ṣùgbọ́n kò sí tábìlì nínú ọ̀rọ̀ náà. "Ètò ìlo-kọ̀ǹpútà-láti-òkèèrè" ni ó fi iṣẹ́ rẹ̀ hàn.

Èyí tí ó nira jù ni "ẹ̀dà". Ẹ̀dà méjì ìwé kan náà kò yàtọ̀ síra. Oníṣòwò tí ó bá gbọ́ "ẹ̀dà àtijọ́" lè rò pé ọjọ́ orí nìkan ni ìyàtọ̀. "Ìtẹ̀jáde" ni ó yẹ, nítorí pé a máa ń ṣe àtúnṣe sí ìtẹ̀jáde titun.

Ìyàtọ̀ yìí kì í ṣe ọ̀rọ̀ ẹnu lásán. Ní ọjọ́ 14 oṣù Karùn-ún ọdún 2019, ilé-iṣẹ́ Microsoft kéde àléébù kan, tí a mọ̀ sí BlueKeep, nínú ètò yìí lórí Windows XP, Windows 7 àti Windows Server 2008. Kò sí nínú Windows 8 àti Windows 10. Olè lè gba ibẹ̀ wọlé láìní ọ̀rọ̀ aṣínà, kí jàǹbá náà sì máa ràn láti orí ẹ̀rọ kan dé òmíràn. Láti ọdún 2014 ni Microsoft ti dẹ́kun ìtọ́jú Windows XP. Síbẹ̀, ó ṣe àtúnṣe fún un. "Àbùlẹ̀", ọ̀rọ̀ àwọn aránṣọ, ni ó bá irú àtúnṣe bẹ́ẹ̀ mu: ó dí ojú ibi tí ó ya, kò sọ aṣọ di titun. Ìtọ́jú Windows 7 náà parí ní ọjọ́ 14 oṣù Kìíní ọdún 2020.

Ọ̀nà tí ètò náà sábà ń gbà wọlé ní nọ́ńbà, 3389. Bí a bá pè é ní "èbúté", ọkọ̀ ojú omi ni yóò wá sí ọkàn òǹkàwé. "Ojúlé" ni ó dára jù, nítorí pé gbogbo ará ìlú ni ó mọ̀ pé ojúlé a máa ní nọ́ńbà, a sì máa ní ilẹ̀kùn.

Ọ̀pọ̀ ilé-iṣẹ́ kò lè tètè fi ìtẹ̀jáde àtijọ́ sílẹ̀, nítorí owó, tàbí nítorí pé ètò ìṣirò owó wọn kò ṣiṣẹ́ lórí òmíràn. Ìmọ̀ràn tí yóò yé wọn ni pé: ẹ fi àbùlẹ̀ sí i, ẹ ti ojúlé 3389 mọ́ ará ìta, kí ẹ sì múra àtilọ sí ìtẹ̀jáde tí ẹni tí ó ṣe é ṣì ń tọ́jú. Olùtúmọ̀ tí ó bá kọ "ẹ̀dà" àti "èbúté" síbẹ̀ ti fi ilẹ̀kùn sílẹ̀ ní ṣíṣí.