Ilé Ni À Ń Wò Kí A Tó Sọ Ọmọ Lórúkọ



Tọkọtaya kan gbé ọmọkùnrin wọn tọ̀ mí wá fún ètò ìrìbọmi. Ìyá àgbà ti ń pe ọmọ náà ní Òjó, ṣùgbọ́n bàbá rẹ̀ kò fẹ́ kí a kọ ọ́ sínú ìwé. Ó na fóònù rẹ̀ sí mi. Nínú àkójọ orúkọ tí ó rí níbẹ̀, wọ́n ní omi tí ń rọ̀ láti ojú ọ̀run ni ìtumọ̀ “Ojo”. Ó ní, “Fadá, inú ọ̀gbẹlẹ̀ ni a bí ọmọ yìí. Orúkọ náà kò bá a mu.” Ìyá àgbà jókòó, wọ́n wolẹ̀, wọn kò fọhùn.

Mo bẹ màmá kí wọ́n sọ tẹnu wọn. Wọ́n ní, “Ìwọ́ ni ọmọ náà gbé kọ́rùn wáyé. Agbẹ̀bí ni ó sọ fún mi.”

Ẹ wò ó bí àmì ohùn kan ṣe fẹ́ gba orúkọ lọ́wọ́ ọmọ! Òjò ni ti ojú ọ̀run. Òjó ni orúkọ àmútọ̀runwá ọmọkùnrin tí ó gbé ìwọ́ kọ́rùn wáyé. Bí ó bá jẹ́ obìnrin, Àìná ni à ń pè é. Bákan náà, Ìgè ni ọmọ tí ó mú ẹsẹ̀ wáyé, Àjàyí sì ni èyí tí ó dojú bolẹ̀ nígbà tí a bí i. Ọ̀nà tí ọmọ gbà wáyé ni ìtumọ̀ irú orúkọ bẹ́ẹ̀.

Kì í ṣe orúkọ Yorùbá nìkan ni èyí ń ṣẹlẹ̀ sí. Ní ìparí ọ̀rúndún kẹrin, Jerome Mímọ́ kó ìtumọ̀ àwọn orúkọ Hébérù jọ ní èdè Látìnì. Fún Màríà, ó kọ stilla maris, èyíinì ni ẹ̀kán omi òkun. Ọ̀pọ̀ onímọ̀ gbà pé àwọn adàwékọ ni ó sọ stilla di stella, tí ẹ̀kán omi fi di ìràwọ̀. Lẹ́tà kan ṣoṣo ni! Oyè ìyìn tí ó dára ni Ìràwọ̀ Òkun, ṣùgbọ́n a kò lè pè é ní ìtumọ̀ orúkọ náà.

Nítorí náà, ẹ̀yin òbí, pàápàá ẹ̀yin tí ẹ ń tọ́ ọmọ ní ìlú tí kì í ṣe ti Yorùbá, ẹ ṣe ohun mẹ́ta. Èkíní, ẹ fi àmì ohùn sí orúkọ: ọ̀tọ̀ ni ìfẹ́, ọ̀tọ̀ ni Ifẹ̀, ọ̀tọ̀ sì ni ife tí a fi ń mu omi. Èkejì, ẹ wádìí èdè tí orúkọ ti wá, kí ẹ sì wo ìwé àwọn tí ó gbọ́ èdè náà. Nínú ìwé ìtàn Yorùbá tí Samuel Johnson kọ, tí a tẹ̀ jáde ní 1921, orí kan wà fún orúkọ nìkan. Ẹ̀kẹta, ẹ bi àgbà tí ó wà níbẹ̀ nígbà tí a bí ọmọ. Àkójọ orúkọ lè sọ ìtumọ̀. Kò lè mọ ohun tí ojú àgbà rí.

A kọ Òjó sínú ìwé náà, èmi fúnra mi sì fi àmì ohùn sí i.