Máàpù idán tí ń yí ara rẹ̀ padà: Kò parọ́ rí, àmọ́ Harry Potter ṣì í kà

Àwọn àgbà bọ̀, wọ́n ní ẹni tó bá béèrè ọ̀nà kì í ṣìnà. Ṣùgbọ́n bí ẹni tí a bi léèrè bá sọ òtítọ́, tí ẹni tó béèrè sì gbọ́ ọ ní àgbọ́ìgbọ́tán ńkọ́? Ìbéèrè yìí gan-an ni ìtàn máàpù idán kan tí òkìkí rẹ̀ kàn káàkiri ayé gbé ka iwájú ẹni tó bá fara balẹ̀ kà á.

Kí ló tilẹ̀ fà á tí ọmọ ènìyàn fi ń lálàá máàpù tí yóò máa tún ara rẹ̀ ṣe? Ìdí ni pé èyí tí a tẹ̀ sórí ìwé kì í yí padà. Àṣìṣe tó bá ti wọ inú rẹ̀, ibẹ̀ ni yóò jókòó sí. Ní ọdún 1798, James Rennell, gbajúmọ̀ ayàwòrán-ilẹ̀ ọmọ Gẹ̀ẹ́sì, ya ọ̀wọ́ òkè gíga kan, Òkè Kong, la ìwọ̀ oòrùn Áfíríkà kọjá. Kò sí ọ̀wọ́ òkè bẹ́ẹ̀ láyé. Síbẹ̀, àwọn ayàwòrán-ilẹ̀ mìíràn ń dà á kọ lára ara wọn fún bí àádọ́rùn-ún ọdún, títí Louis-Gustave Binger, ọmọ ilẹ̀ Faransé, fi rin agbègbè náà láàárín 1887 sí 1889, tó sì jẹ́rìí pé òun kò rí ohun tó jọ ọ́.

Nínú àròsọ, ọ̀rọ̀ yàtọ̀. Nínú The Hobbit, ìwé tí J.R.R. Tolkien gbé jáde lọ́dún 1937, máàpù àwọn aràrá kan wà tí ọ̀rọ̀ fara pamọ́ sínú rẹ̀. Ó di ìgbà tí òṣùpá bá tàn láti ẹ̀yìn rẹ̀ kí ọ̀rọ̀ náà tó hàn, òṣùpá ọ̀hún sì gbọ́dọ̀ rí bó ti rí lọ́jọ́ tí wọ́n kọ ọ́, ní àsìkò kan náà nínú ọdún.

Àmọ́ Marauder's Map ló lókìkí jù, èyí tí J.K. Rowling fi hàn wá nínú ìwé kẹta Harry Potter lọ́dún 1999. Akẹ́kọ̀ọ́ mẹ́rin ló ṣe é nílé ẹ̀kọ́ àwọn oṣó tí wọ́n ń pè ní Hogwarts: Remus Lupin, Peter Pettigrew, Sirius Black àti James Potter tó jẹ́ bàbá Harry. Bí ẹni tí kò mọ awo rẹ̀ bá mú un, bébà òfìfo tó ti gbó ni yóò rí. Ẹni tó mọ̀ ọ́n yóò fi ọ̀pá idán kàn án, yóò sì búra pé òun kò gbèrò ire. Nígbà náà ni ìlà íńkì yóò bẹ̀rẹ̀ sí í fà kiri, tí yàrá, àkàsọ̀ àti ọ̀nà ìkọ̀kọ̀ yóò jáde síta. Ẹni tó bá wà nínú ọgbà yóò di àmì tíńtín tó ní orúkọ lára, tí ń rìn bí olúwarẹ̀ ti ń rìn.

Bí ènìyàn pa ara dà, bó di ẹranko, bó wọ aṣọ àfẹ́ẹ̀rí, orúkọ rẹ̀ gan-an ni máàpù yóò kọ. Ohun tó tú àṣírí Pettigrew nìyẹn. Ọdún méjìlá ni ayé fi gbà pé ó ti kú, tí Sirius Black sì ń ṣẹ̀wọ̀n nítorí rẹ̀, àṣé ó ti di eku, ó ń gbé nílé àwọn ọ̀rẹ́ Harry. Ọjọ́ tí Lupin rí orúkọ rẹ̀ lórí máàpù, kò kọ́kọ́ gba ojú ara rẹ̀ gbọ́. Ṣùgbọ́n ó wà lára àwọn tó ṣe é, ó mọ̀ pé kì í parọ́.

Ibi tí ọ̀rọ̀ ti wá ba ni lẹ́rù wà nínú ìwé kẹrin, èyí tó jáde lọ́dún 2000. Lóru ọjọ́ kan, Harry rí orúkọ Bartemius Crouch nínú ọ́fíìsì olùkọ́ kan. Ẹnì kan ṣoṣo ló mọ̀ tó ń jẹ́ bẹ́ẹ̀, ìyẹn òṣìṣẹ́ ìjọba àgbà kan tí wọ́n ní ara rẹ̀ kò yá. Kò mọ̀ pé ọmọkùnrin rẹ̀, tí ayé rò pé ó ti kú sẹ́wọ̀n, ń jẹ́ orúkọ kan náà, àti pé òun ló gbé ìrísí olùkọ́ wọn, Moody, wọ̀. Máàpù sọ òtítọ́. Harry ló fi ìwọ̀nba òye rẹ̀ túmọ̀ rẹ̀. Èyí tó tún burú ni pé nígbà tí ayédèrú Moody yá máàpù náà lọ́wọ́ rẹ̀, Harry kò ṣe méjì, ó fi lé e lọ́wọ́. Orí máàpù yìí kan náà ni ọmọ ti rí bàbá rẹ̀ nígbà tó ń bọ̀ wá tú àṣírí, ló bá lọ pàdé rẹ̀, ó sì pa á.

Ẹ̀yin òǹkàwé wa, àwa náà ti ní máàpù tí ń yí ara rẹ̀ padà báyìí. Google Maps jáde lọ́dún 2005, fóònù sì ń gba àmì láti ọ̀dọ̀ sátẹ́láìtì, nítorí náà àmì tíńtín tí ń bá ènìyàn rìn kì í ṣe idán mọ́. Ó ń bá awakọ̀ wá ọ̀nà, ó sì ń jẹ́ kí òbí mọ ibi tí ọmọ wà. Ṣùgbọ́n ohun tó lè fi ọmọ han òbí lè fi í han ajínigbé pẹ̀lú. Ẹ yẹ fóònù yín wò: ta ni ẹ fún láyè láti máa rí ibi tí ẹ wà? Ẹni tí kò bá nídìí, ẹ yọ ọ́ kúrò. Bí ẹ bá sì ń ṣọ́ ọmọ yín, ẹ má gbàgbé pé ibi tí fóònù wà ni àmì náà ń fi hàn, kò sọ ọwọ́ ẹni tí fóònù wà. Ẹ pè é, kí ẹ gbọ́ ohùn rẹ̀.